Ìwọ̀n Ẹsẹ̀

Ní òwúrọ̀ kan tí òtútù lè gé etí ènìyàn ní Wínípẹ̀gì,
wọ́n pè wá sí àjà kẹta, láàárín àwọn mátírẹ́ẹ̀sì.
Ọmọkùnrin kan tó wọ kóòtù tuntun ka ìwé fún wa
láìgbójú sókè:
ọ̀sẹ̀ mẹ́jọ, ó parí.
Ó dúpẹ́ lọ́wọ́ wa. Ó ní kọfí wà nílẹ̀.

Mosúnmọ́lá ni mí. Mola ni wọ́n kọ sí báàjì mi,
mo sì ti ń jẹ́ ẹ fún ọdún mẹ́fà.

Kì í ṣe pé Halvorsen kò rí oníbàárà. Ẹ má jẹ́ kí wọ́n tàn yín.
Àwọn kan ní Tòróńtò ló yá owó ra ẹṣin,
tí wọ́n ní kí ẹṣin fi ẹ̀yìn ara rẹ̀ san án.
Wọ́n ta ilẹ̀ abẹ́ wa, wọ́n wá ń gba owó ilé lọ́wọ́ wa
lórí ilẹ̀ tó jẹ́ tiwa lánàá.
Lẹ́yìn náà wọ́n ní fóònù ló pa wá.
Fóònù lọ́wọ́ sí i, n ò jiyàn:
mo rí obìnrin tó wọ bàtà wò, tó rìn síwá sẹ́yìn níwájú dígí,
tó ya nọ́ńbà ìsàlẹ̀ rẹ̀ ní fọ́tò,
tó wá rọra gbé e sílẹ̀ bí ẹni tẹ́ ọmọ sórí ẹní.

Wọ́n ní ayé lọjà.
Ẹni tó sọ ọ́ kò tíì rí ọjà tó ń ta àtẹ.
Ọ̀sẹ̀ kìíní, a yọ ogún nínú ọgọ́rùn-ún.
Ọ̀sẹ̀ kẹrin, ọgọ́ta.
Ọ̀sẹ̀ keje, a ń ta ìkọ́ aṣọ, a ń ta dígí,
a ń ta àwọn ère tó ń bá wa wọ aṣọ,
níhòòhò, dọ́là mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, apá lọ́tọ̀.
Ọkùnrin kan gbé ọ̀kan lé èjìká jáde sínú yìnyín;
ojú tì mí débi pé mo fẹ́ sáré fi síkáàfù bò ó.

Àwọn tí n ò rí rí wá ń rọ́ wọlé.
Wọ́n á ní, "Ó mà ṣe o, ibí ni ìyá wa ti ń ra kóòtù fún wa,"
wọ́n á tún ní, "Ṣé ẹ ò lè yọ díẹ̀ sí i?"
Bàbá arúgbó kan mú káàdì ẹ̀bùn wá, ogójì dọ́là,
ìyàwó rẹ̀ ló fún un kó tó kú.
Ẹ̀rọ dún: kò gbà á.
Mo tún un tẹ̀. Kò gbà á.
Bàbá ní kò sí wàhálà, ó dá a padà sínú pọ́ọ̀sì,
síbi tó wà tẹ́lẹ̀ gan-an.

Lesia ti wà nídìí bàtà fún ọdún méjìdínlógójì.
Ó ti kúnlẹ̀ níwájú gbogbo ìlú yìí,
ọmọ adájọ́, ọmọ ẹni tó ń kó yìnyín lójú títì;
ó mọ ẹni tí àtàǹpàkò rẹ̀ wọ́, ó mọ ẹni tí ìbọ̀sẹ̀ rẹ̀ lu.
Nílé wa, ọmọdé ló ń kúnlẹ̀ fágbà:
ìgbà àkọ́kọ́ tí mo rí i lórí orúnkún níwájú ọmọ ọdún mẹ́rin,
ó jọ èèwọ̀ lójú mi.
Wọ́n lẹ iye owó mọ́ irin tó fi ń wọn ẹsẹ̀: dọ́là méjìlá.
Ó san án. Èmi ni mo gbowó;
ẹ̀dínwó òṣìṣẹ́ ti tán.

Alẹ́ ọjọ́ ìkẹyìn, iná àjà òkè ti kú,
ó ní, "Mola, jókòó."
Ilẹ̀ ni mo jókòó sí, a ti ta àga.
Ó bọ́ bàtà mi, ó fi gìgísẹ̀ mi ti irin, irin tutù,
ó fa etí rẹ̀ títí ó fi kan ọmọ ìka mi.
Ó wò ó. Ó tún un wò.
"Ọdún mẹ́fà lo ti ń wọ méje," ló wí.
"Mẹ́jọ ààbọ̀ ni ẹsẹ̀ rẹ."

Mo rẹ́rìn-ín. Kí ni mo tún fẹ́ ṣe?
Kò sí ẹyọ bàtà kan tó kù ní gbogbo ilé náà
tí mo lè fi dán ọ̀rọ̀ rẹ̀ wò.