Ojú-Ìwé Funfun ní Sàmárù

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun ni, àmọ́ a ò ṣẹ́gun.
Ọyẹ́ ti da eruku sórí tábìlì mi bí èlùbọ́,
mo fi apá ẹ̀wù nu kọ̀ǹpútà,
mo tẹ orúkọ ìkànnì tí mo mọ̀ ju orúkọ àna mi lọ.
Ojú-ìwé ṣí. Ó funfun,
ó funfun bí eyín ẹni tó ń fini ṣe yẹ̀yẹ́.
Ìlà kan ṣoṣo ló wà láàárín rẹ̀:
A ti dí ọ̀nà yìí pa nípa àṣẹ.
Àṣẹ ta ni? Wọn ò kọ ọ́ síbẹ̀.

Èmi Oyèníran, ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́,
tí bàbá mi kó aṣọ wá tà ní Sáríà
nígbà tí rélùwéè ṣì ń fọn fèrè,
fíìmù ni èmi ń kó sínú káàdì fóònù.
Márùn-ún, igba náírà.
Bó o bá ra mẹ́wàá, mo fi ọ̀kan ṣe ènì.

Kí oòrùn tó kàn wá lórí, wọ́n ti pé lé mi.
Bílyà, tó ń kọ́ ìṣègùn ẹran,
bú ilé-iṣẹ́ fóònù ní Haúsá, ó bú wọn ní Gẹ̀ẹ́sì,
ó wá yà sí Yorùbá tó kọ́ lọ́dọ̀ mi,
ó ní èébú tiwa máa ń dé egungun.
Ìwé tó ń wá, owó rẹ̀ ju owó ilé-ẹ̀kọ́ ọdún kan lọ.
“Ṣé kí màlúù kú ná, kí n tó rówó ka àìsàn rẹ̀?”
Làràbá tó ń fọwọ́ ran fìlà ní,
“Dátà tí mo rà ńkọ́?
Wọ́n gba owó ibodè tán, wọ́n gbẹ́ kòtò sójú ọ̀nà.”
Ọmọdé kan, kò tíì ju ọdún méjìlá lọ,
ní òun mọ ẹ̀yìnkùlé tí wọ́n ń gbà wọlé,
ká fún òun ní ọgọ́rùn-ún náírà.
A rẹ́rìn-ín.
A sì fún un.

Ìgbà náà ni Málàm Tànímù dé, ife tíì lọ́wọ́,
gbogbo ẹnu sì pa dé.
“Ọ̀kadà mi ni mo tà, kí n tó rówó ya fíìmù yẹn.
Ọmọ aládùúgbò wá ń kí mi pé ó dùn,
fíìmù tí n kò tíì gbé jáde!
Mo ní, níbo lo ti rí i? Ó nàka síbí.”
Kò nàka sí mi. Tábìlì ló nà án sí.
Mo mọ fíìmù náà. Mo tà á títí iye rẹ̀ fi sọ nù mọ́ mi lọ́wọ́,
àwọn kan wà tí mo fi ṣe ènì fún.
Ahọ́n mi wúwo bí aṣọ òfì tó mumi.

Àmọ́ ohun kan wà níbẹ̀ tí n kò jí.
Ohùn ìyá mi, ogójì ìṣẹ́jú,
tí àbúrò mi gbà sílẹ̀ lọ́dún tó ṣáájú ikú rẹ̀,
tó gbé síbẹ̀ kí n lè rí i gbọ́ ní òkè ọya níbí.
Kò kì mí, kò súre:
orúkọ àwọn tó jẹ ẹ́ lówó aṣọ ló ń kà,
ó ń wúkọ́, ó ń bú wọn,
lẹ́yìn náà ó ní, “Níran, ṣé ò ń gbọ́?”
Wọ́n ti jí fóònù àbúrò mi ní gáréèjì Ìlọrin.
Èmi tí mò ń da ti gbogbo ayé kọ,
n kò da ti ìyá mi kọ.

Nírọ̀lẹ́, ọmọ náà rí ẹ̀yìnkùlé rẹ̀ gbà.
Ó ní, “Fíìmù wo lo fẹ́?”
Mo ní kì í ṣe fíìmù.
Iná lọ. Bátìrì ku díẹ̀ kíún.
Málàm Tànímù, tí kò tíì lọ látàárọ̀,
fa pawa-bánkì yọ nínú àpò,
ó gbé e sórí tábìlì, kò wo ojú mi.
A jókòó, èmi àti ẹni tí mo jà lólè,
à ń wo ìlà tín-ín-rín kan bó ti ń fà,
bó ti ń dúró,
bó ti tún ń fà.