Mọ́

Fáìlì náà ti pọ́n bí ewé kòkó tó já sílẹ̀,
okùn tí wọ́n fi dì í ló kọ́kọ́ já.
Yàrá àkójọ ìwé, kóòtù Àkúrẹ́:
èmi akọ̀wé, àwọn ikán,
àti Morádéyọ̀, ọmọ ọmọ Akíndúró,
tó gbéra láti Oǹdó ní ìdájí
pẹ̀lú lọ́yà kan tí kò gbowó.

Ọdún 1951, ọdún tí kòkó gbówó lórí.
Wọ́n bá Ọrẹ́nugà tó ń ra kòkó
lẹ́gbẹ̀ẹ́ òṣùwọ̀n rẹ̀, lọ́nà Òkè-Igbó, ọrùn ti ṣẹ́.
Àpò owó rẹ̀ wà ní àjà Akíndúró.

Wọ́n bi í pé, "Kí lo wá ṣe sí i?"
Ó ní, "Mo pa á mọ́."
Ògbufọ̀ gbé gbólóhùn náà dé àárín ọ̀nà,
ó sọ "mọ́" nù.
Ṣé oòrùn ọ̀sán ni, àbí ebi,
àbí ó kàn fẹ́ kí iṣẹ́ tán?
Èdè wa kò kúkú ya ènìyàn sọ́tọ̀ lára ẹrù:
"á" ni òkú, "á" ni àpò.
Adájọ́ òyìnbó kọ ọ́ sílẹ̀, ó nu kálàmù.
Oṣù mẹ́ta, wọ́n yẹgi fún Akíndúró.
Akíndúró ò dúró.

Bàbá bàbá mi ni ògbufọ̀ yẹn.
N kò tíì sọ fún Morádéyọ̀.

Bàbá kì í sọ pé ká pa iná.
Àtùpà rẹ̀ á máa jó títí epo á fi gbẹ.
Kò pàlọ́ fún wa rí.
Tí Kérésì bá dé, á nawọ́ sí adìyẹ,
á ní, "Ẹ ṣe ti ìyẹn."
A rò pé ogbó ni.

Lẹ́yìn ìsìnkú mo rí ìwé kékeré kan lábẹ́ ẹní,
ojú ewé mọ́kànlélógún, ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo:
mọ́ mọ́ mọ́ mọ́
bí ọmọ tí tíṣà ń fìyà jẹ.
Ó wà lápò ṣòkòtò mi báyìí.

Bóyá Akíndúró ló ṣe é lóòótọ́ ṣá.
N kò mọ̀. Ẹni tó mọ̀ ti di iyẹ̀pẹ̀.
Àmọ́ ẹjọ́ tí wọ́n dá
kì í ṣe ẹjọ́ tó rò.

Atẹ́gùn òjò wọlé, bébà ń gbọ̀n.
Morádéyọ̀ ní, "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá wa pa fèrèsé dé."
Mo dìde.
Mo di fèrèsé mú,
ọwọ́ mi ò lọ, kò bọ̀.