Ẹ̀wù Mẹ́rin

Ẹ̀wù mẹ́rin ni mo wọ̀ léra
kí n tó sọdá Odò Pupa tó ti dì gbagidi.
Wínípẹ́ẹ̀gì náà wọ mẹ́rin tirẹ̀.

Èyí tó wà lókè la fi ń ṣiṣẹ́ oṣù:
bọ́ọ̀sì, owó iná,
ọ̀gá tó ń pè mí ní Mọ́lá.

Wo abẹ́ bàtà mi.
Ẹnìkan ń rìn níbẹ̀ ní ìdojúdé,
àtẹ́lẹsẹ̀ rẹ̀ kan tèmi.
Mo dúró, òun náà dúró.
Ẹ̀ẹ̀rùn ni lọ́dọ̀ tiwọn; ó mú agbòòrùn dání.

Ìsàlẹ̀ tirẹ̀ ni ìlú tí ẹja ti ń ṣe oníbodè.
Wọn kì í gba owó, orúkọ ni wọ́n ń gbà.
Mo ti san ìdajì tèmi.

Ẹ̀kẹrin? N kò débẹ̀ rí.
Àmọ́ lálẹ́ àná yìnyín sán pàù,
òórùn iṣu sísun gba ojú ibẹ̀ yọ,
ohùn ìyá mi tẹ̀lé e:
“Mosúnmọ́lá, ṣé o ti ilẹ̀kùn?”
bí ẹni pé n kò kúrò ní Ìkìrun rí.

Mo kúnlẹ̀. Ẹni ìdojúdé kúnlẹ̀.
Mo fi ẹnu kan yìnyín, ó ta mí létè:
“Rárá, mà. Mo ṣí i sílẹ̀ gbayawu.”