Ọkùnrin Kejì Lẹ́nu Ọ̀nà

Ìṣẹ́jú mọ́kàndínlógún.
Mo fi pẹ́ńsùlù ṣírò rẹ̀ lálẹ́ àná:
ọdún mẹ́tàlélógún ní ìlú Párìsì,
fíìmù mọ́kànlélọ́gbọ̀n,
tí a bá so gbogbo ibi tí ojú Bàbá Àgbà ti hàn pọ̀,
kò tó ìgbà tí ìrẹsì fi ń jinná.

Èjìká wà níbẹ̀ o, tí mi ò kà.
Ìpàkọ́ wà níbẹ̀.
Ọwọ́ kan wà tó di agbòjò mú lé obìnrin kan lórí,
ọwọ́ tí mo mọ̀ nítorí àpá tó wà lẹ́bàá àtàǹpàkò,
iná ààrò ìyá rẹ̀ ní Òpópónà Bámgbóṣé,
níbi tó ti fẹ́ jí fìrèjọ́ọ̀nù tọ́ wò lọ́jọ́ Ẹtì Rere.

Ọkọ̀ ojú omi ló gbé e lọ láti Àpápá,
bí ẹni tó ń lọ kọ́ṣẹ́ ẹ̀rọ.
Ó kọ́ ọ fún oṣù méje.
Ẹnì kan wá rí i níbi tó ti ń fọ abọ́,
ó ní, "Ìwọ, ṣé o lè ṣílẹ̀kùn?"
Ó ní òun lè ṣí i.
Bí iṣẹ́ ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn.

Ó ṣílẹ̀kùn fún ọlọ́rọ̀. Ó ṣílẹ̀kùn fún olè.
Ó wakọ̀ láì wẹ̀yìn.
Ó kú lórí àtẹ̀gùn lẹ́ẹ̀mẹ́rin,
ọ̀kan nínú òjò, òtútù ọjọ́ náà di ikọ́ tó bá a wálé.
Níparí, níbi tí orúkọ ti ń gòkè bí èéfín,
wọ́n á kọ ọ́: Awakọ̀. Aṣọ́nà. Ọkùnrin Kejì.
Orúkọ tirẹ̀ gan-an, Ìdòwú Marínhò,
wọ́n kọ ọ́ lọ́nà mẹ́fà, kò sí èyí tó jọ ọ́.

Àwa ọmọ ilé ń rẹ́rìn-ín.
Ní Èbúté-Mẹ́ta, nínú yàrá tó kọjú sí rélùwéè,
á ti kásẹ́ẹ̀tì bọ inú ẹ̀rọ,
àwa á pariwo: "Ẹ dà? Níbo lẹ wà?"
Á na ìka: "Èjìká yẹn."
"Èjìká wo?"
Ó ti kọjá.
Tánímọ́lá ẹ̀gbọ́n mi sọ ọ́ ní Alàgbà Èjìká.
Kò bínú. Ó ní ilé tó bá jẹ́ kìkì fèrèsé,
kí ni yóò gbé e ró?

Lẹ́yìn ìsìnkú la rí ìwé kékeré náà
lábẹ́ ṣòkòtò tó fi ń lọ Máàsì,
èkúté ti jẹ ẹ́ létí.
Gbogbo ẹni tí wọn ò sọ lórúkọ, òun ti sọ wọ́n.
"Awakọ̀: Múníru, ọmọ Olówógbowó.
Ìyá rẹ̀ kò tíì gbọ́ pé ó ti fiṣẹ́ káfíńtà sílẹ̀."
"Aṣọ́nà: Sàbítíù, láti Ọ̀fíìn. Ó jẹ gbèsè.
Ìdí nìyẹn tí kò fi wo ojú ọ̀gá."
"Òkú orí àtẹ̀gùn: Bọ́dúnrìn, ará Láfíàjí.
Ìyàwó rẹ̀ ti gbé oúnjẹ alẹ́ sílẹ̀ dè é. Ẹja ni."

Mo ka ẹja yẹn, mo jókòó.
Àwọn èèyàn Párìsì ń sanwó wọ sinimá,
wọn ò mọ̀ pé ọmọ Ọ̀fíìn tó jẹ gbèsè
ló ń gba kóòtù lọ́wọ́ wọn,
pé ìdajì Ìsàlẹ̀ Èkó ti kú sórí àtẹ̀gùn wọn.

Ojú ewé tó kẹ́yìn: "Ọkùnrin Kejì lẹ́nu ọ̀nà."
Ó fa ìlà sábẹ́ rẹ̀. Kò kọ nǹkan kan sí i.

Mo wá kásẹ́ẹ̀tì náà jáde, mo nu eruku rẹ̀.
Òun nìyẹn, ó wọ ìbọ̀wọ́ funfun,
orí rẹ̀ ti ń hewú,
ó fa ilẹ̀kùn ńlá kan sẹ́gbẹ̀ẹ́, ó tẹrí ba díẹ̀,
ibẹ̀ ni téèpù há.
Àwòrán ń gbọ̀n, kò lọ, kò bọ̀.
Ọkọ̀ ojú irin ń kọjá nísàlẹ̀, fèrèsé ń mì.
Ó ṣì di ilẹ̀kùn mú.
Kò sẹ́ni tó tíì wọlé.