Bátìrì Mi

Fọ́tò wọn ń bẹ lára páálí rẹ́kọ́ọ̀dù náà,
ọmọ òyìnbó mẹ́rin, ṣòkòtò fún mọ́ wọn lẹ́sẹ̀ bí awọ ejò.
Ọ̀kan jókòó lórí Fẹ́sípà,
dígí mẹ́jọ ń bá a wo ẹ̀yìn.
Ẹ̀gbọ́n Ẹfúráímù ló fi ránṣẹ́ láti Lọ́ńdọ̀nù.
Ìwé òfin la ní kó lọ kà.

Ní Ẹ̀rẹ́jà, ní ṣọ́ọ̀bù tí mo ti ń ṣáàjì bátìrì,
ibẹ̀ ni wọ́n ti gbọ́ ọ, lẹ́ẹ̀kan, lẹ́ẹ̀kẹta,
títí abẹ́rẹ́ fi kú.
Sílà ò sọ̀rọ̀. Ó lọ sílé, ó yọ ilẹ̀kùn yàrá ìyá rẹ̀,
ó rù ú lọ fún Lọ́yìnmí káfíńtà.
Wáyà bíréèkì kẹ̀kẹ́ di okùn gìtá.
Ọdún méjì gbáko ni ìyá Sílà fi aṣọ ta ẹnu ọ̀nà.

Jósáyà gé nínú ẹrù bàbá rẹ̀, ògbólógbòó òṣómàáló,
ó rán ṣòkòtò mẹ́rin tí ènìyàn ò lè fi lóṣòó.
Bàbá wò ó tìtì.
"Ta ni yóò wá bá mi sin owó?"

Bátìrì mọ́tò kan ṣoṣo ni mo ní tí kì í já mi kulẹ̀.
Òun ni mo yá wọn.
Láìsí i, ta ni ì bá gbọ́ wọn kọjá Ìsọ̀nà?

Wọ́n ti gbọ́ pé lọ́hùn-ún, bí eré bá dópin,
òyìnbó a fọ́ gìtá rẹ̀ mọ́lẹ̀, èrò a sì hó.
Mọ́ńdè Àjíǹde, ní gbọ̀ngàn Òkè-Ẹ̀ṣọ̀,
Sílà gbé tirẹ̀ sókè. Gbogbo wa dákẹ́.
Mo rí i tó wo káfíńtà, tó wò mí,
tó wo ìyá rẹ̀ nídìí ògiri.
Ó rọra gbé e sílẹ̀ bí ẹni tẹ́ ọmọ tuntun.
Ariwo tó sọ lálẹ́ ọjọ́ náà, páànù òrùlé gbọ̀n.

Lẹ́yìn ìyẹn, Òṣogbo ránṣẹ́, Ìbàdàn ránṣẹ́.
Wọ́n ra gìtá gidi. Wọ́n wọ tẹlifíṣọ̀n.
Wọ́n ní Sílà ti ń fọ́ gìtá báyìí, ní Èkó,
ó ń fọ́ ọ, ó ń ra òmíràn.

Èmi ńkọ́? Ọmọ Ìjẹ̀ṣà ni mí.
Lálaalẹ́ mo ń ṣí rédíò, mo ń lóṣòó síwájú ẹ̀.
Orin yín dùn, ẹ̀yin ọmọ yìí, mò ń mi orí sí i.
Ẹ gbé bátìrì mi wá.