Kẹ̀kẹ́ Lẹ́gbẹ̀ẹ́ Ògiri

Kí kọnkéré tó dé, oko ọkà bálì ni.
Ní oṣù kẹta ọdún 1942
ọkùnrin kan dé pẹ̀lú bébà àti fìlà pẹlẹbẹ,
ó ní ìjọba ń fẹ́ ilẹ̀ náà títí ogun yóò fi parí.
Bàbá Hester ò jiyàn. Ó kàn béèrè
bóyá wọ́n á jẹ́ kí òun kórè ohun tó wà nílẹ̀.
Ọkùnrin náà wo aago ọwọ́ rẹ̀.

Wọ́n gé igi ààlà. Wọ́n dí kòtò omi.
Wọ́n da kọnkéré lé ẹ̀hù tútù,
ó gùn tó máìlì kan, ó funfun báláú.

Ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ni Hester. Kíkà ni iṣẹ́ tirẹ̀.
Lórí gèètì, búrẹ́dì lọ́wọ́,
ó ka bààlù tó gbéra nírọ̀lẹ́: mọ́kàndínlógún.
Àwo ń gbọ̀n lórí pẹpẹ.
Lóru, lábẹ́ bùláńkẹ́ẹ̀tì, ó ń fi etí kà wọ́n wálé.
Ó ka mẹ́rìnlá. Ó dúró.
Ó ka ẹ̀kẹẹ̀ẹ́dógún,
òun náà sì mọ̀ pé afẹ́fẹ́ ni.

Lorne Pettigrew, ọmọ Kánádà,
fi kẹ̀kẹ́ rẹ̀ ti ògiri ilé màlúù wọn.
Ó ní, “Bá mi mójú tó o, mò ń bọ̀.”
Ní èdè tèmi, ẹni tó ń jáde lọ
ló máa ń sọ bẹ́ẹ̀.
N kò tíì sọ fún un.

Ogun parí. Bébà mìíràn dé: ẹ gba oko yín.
Oko wo? Ta ní í fi ọkọ́ ro òkúta?
Bàbá dúró láàárín ọ̀nà bààlù,
ó ń fi gìgísẹ̀ kan ilẹ̀ bí ẹni kan ilẹ̀kùn.

Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ kó tólótòló sínú ilé bààlù,
ẹgbẹ̀rún mẹ́ta, wọ́n ń pariwo orúkọ ara wọn
níbi tí wọ́n ti ń so bọ́ǹbù mọ́ ikùn irin.
Ẹyẹlé gba ilé ìṣọ́.
Lórí ọ̀nà bààlù náà ni Hester ti kọ́ mọ́tò;
ó ní bí òun ti ń súnmọ́ òpin rẹ̀,
ọkàn òun ń retí kí ilẹ̀ jù òun sílẹ̀.

Lẹ́yìn náà, wọ́n fọ́ kọnkéré, wọ́n tà á ní tọ́ọ̀nù.
Ó wà lábẹ́ títì tó lọ sí Norwich báyìí.
Bálì tún hù. Ṣùgbọ́n lọ́dún tí òjò bá ṣọ̀wọ́n,
ẹ gun ilé ìṣọ́, ẹ wò ó:
ìlà gbọọrọ mẹ́ta tó dábùú ara wọn,
bálì ibẹ̀ kúrú, ó tètè pọ́n,
bí àpá tó ń yọ nígbà tí ara bá rù.

Ọmọ ọmọ rẹ̀ fẹ́ gbé kẹ̀kẹ́ náà fún ilé ìṣẹ̀ǹbáyé.
Hester, ẹni ọdún mọ́kànléláàádọ́rùn-ún, kọ̀ jálẹ̀.
Ó ní kì í ṣe tòun láti fi tọrẹ.
Láàárọ̀ yìí ó ní kí n bá òun di ìjókòó rẹ̀ mú,
ó ń fi òróró sí ṣéènì.