Owó Tí Ọwọ́ Ń Kà

Oṣù mẹ́jọ ni wọ́n fi jà lórí imú ọba.
Nínú yàrá òkè kan ní Tbilisi, tí fèrèsé rẹ̀ kọjú sí odò Mtkvari,
ìgbìmọ̀ ẹlẹ́ni méje jókòó ti àwòrán owó tuntun.
Ọ̀kan ní imú náà gùn jù, ó ti fẹ́ẹ̀ kan ẹnu.
Òmíràn ní kí wọ́n yọ ọba kúrò, kí wọ́n fi àjàrà dípò rẹ̀.
Àjàrà kẹ̀? Àjàrà wà lára ìgò, ó wà lára ilẹ̀kùn ṣọ́ọ̀ṣì,
ṣé wáìnì la ó tún máa fi ra wáìnì ni?
Tsiala tó ń ya á kò dá sí i.
Ó ń gbẹ́ pẹ́ńsù, ó ń pa imú rẹ́, ó ń tún imú yà.
"Ojú lọ̀rọ̀ wà," ni alága wí.
"Owó tí kò lójú, ta ni yóò bọ̀wọ̀ fún un?"

Ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun kan, wọ́n mú Nugzar wọlé,
ọkùnrin tí í yí okùn inú dùùrù kí ohùn rẹ̀ lè gún,
tí ojú rẹ̀ ti fọ́ láti ọmọ ọdún mẹ́rin.
Òfin ló ní kí wọ́n pe afọ́jú kan kí iṣẹ́ tó parí.
Wọ́n fún un ní tíì, wọ́n fún un ní àga ẹ̀gbẹ́ ilẹ̀kùn.
Bọ́tìnnì kan lára kóòtù rẹ̀ kò bá àwọn yòókù mu.

Wọ́n to owó mẹ́fà sí i lọ́wọ́.
Kò béèrè ọba wo ni.
Ó fi àtàǹpàkò tọ etí bébà lọ jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́,
bí ẹni ń wá ẹ̀gún ní àtẹ́lẹsẹ̀ ọmọ.
"Èyí ń kùn," ó ní.
"Èyí ń pariwo, àmọ́ n kò mọ ohun tó ń wí."
Ó gbé ogún Lárì kan ètè, ó dákẹ́ pẹ́.
"Èyí yadi."
Imú ọba wà níbẹ̀ o, ó tẹ́ pẹrẹsẹ bí omi inú àwo.

Alága wúkọ́. Nugzar kò tíì ṣe tán.
"Ẹ rántí kúpónì?"
Ta ni kò rántí? Ọdún tí a fi àga oúnjẹ dáná.
"Ìyá mi kó kúpónì kún àpò lọ sọ́dọ̀ oníbúrẹ́dì.
Ó gbé búrẹ́dì kan bọ̀, ó ń sunkún àpò.
Nígbà yẹn, bákan náà ni gbogbo wa rí:
ẹni tó ríran, ẹni tí kò ríran, kò sẹ́ni tó mọ iye tó dì mú.
Inú mi dùn díẹ̀. Kí Ọlọ́run má bínú sí mi.
Lárì dé, ojú yín là, ó wá ku èmi nìkan.
Ọmọkùnrin kan fi márùn-ún pe àádọ́ta fún mi,
ó sì ń pè mí ní bàbá."

Tsiala gbé pẹ́ńsù kalẹ̀.

Ẹ̀yin tí ẹ ń ka èyí lédè wa, ẹ ti mọ̀ ọ́n kí Tsiala tó mọ̀ ọ́n:
àmì bíńtín méjì abẹ́ lẹ́tà
ló ya owó sọ́tọ̀ kúrò lára ọwọ́.
Ohun tí Nugzar ń tọrọ kò ju ìyẹn lọ,
àmì tó ga bí ìyọ̀ tó dà sórí tábìlì,
tí ìka lè kọsẹ̀ lára rẹ̀.

Lóru, ó pa iná, ó di ojú, ó ń fi abẹ́rẹ́ gún bébà láti ẹ̀yìn.
Ó gún ìka ara rẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì.

Owó náà jáde nígbà òjò.
Níwájú ààrò búrẹ́dì kan, Nugzar na ogún Lárì.
Oníbúrẹ́dì gbé e sókè sí iná, ó yí i síhìn-ín, ó yí i sọ́hùn-ún,
ó tẹjú mọ́ ọba, kò gba ọba gbọ́.
"Ogún ni," ni Nugzar wí. "Nu ìyẹ̀fun ọwọ́ rẹ,
kí o fi kàn án."